Wọ́n ní ọdún 30 ti pa oko tí a fi dógò: ṣé òfin tiwa ni, àbí ti Íńdíà?

Ọmọ Ìbọ̀lọ́

Ẹ kú iṣẹ́ o, ẹ̀yin àgbà inú ilé yìí. Ọ̀rọ̀ ilẹ̀ ni mo gbé dé, mo sì fẹ́ kí ẹni tó mọ̀ ọ́n dáadáa bá wa yẹ̀ ẹ́ wò.

Ní 1989, ìdílé kan létí Ọ̀fà fi oko kajú wọn dógò fún ẹnì kan ní abúlé kejì. ₦4,000 ni wọ́n gbà. Ìwé kan wà níbẹ̀, ojú-ewé tí wọ́n fà ya nínú ìwé ọmọ iléèwé. Wọ́n lẹ sítáǹbù mọ́ ọn nísàlẹ̀, ẹni tó ni oko tẹ̀ka lé sítáǹbù náà, ẹlẹ́rìí méjì sì kọ orúkọ sí i. Ohun tí wọ́n kọ síbẹ̀ nìyí: "Mo gba ẹgbẹ̀rún mẹ́rin náírà. Mo fi oko kajú mi tó wà lójú ọ̀nà odò sílẹ̀ fún un, kó máa jẹ èso rẹ̀ títí n ó fi dá owó rẹ̀ padà." Wọn kò dá ọjọ́ kankan.

Ẹni tó fi oko dógò ti kú, ẹni tó gbà á náà, ìyẹn olówó, ti kú. Ní báyìí àwọn ọmọ onílẹ̀ kó owó lọ, àwọn ọmọ olówó kọ̀ ọ́. Wọ́n ṣí fóònù, wọ́n ka ojú-ewé kan jáde pé ẹni tó bá fi ilẹ̀ dógò, ọdún 30 péré ló ní láti fi gbà á padà, "Article 61, Limitation Act 1963". Wọ́n ní láti 1989 ọdún 30 ti pé, ó ti lé, oko ti di tàwọn.

Òfin ibo ni Article 61 yìí? Bó bá jẹ́ ti ibòmíràn, ṣé bí wọ́n ṣe kà á yẹn ni wọ́n ń kà á níbẹ̀? Nílé ńkọ́, ṣé ìdógò máa ń kú? Àti pé, ṣé ₦4,000 ayé ìgbà yẹn náà ni wọn yóò san? Àwọn ọ̀dọ́ inú ẹbí ti ń gbaná jẹ, wọ́n ní àwọn yóò wọ oko lọ ṣa kajú ní tipátipá. Mo ní kí wọ́n ṣe sùúrù kí n gbọ́ tiyín ná.

Lọ́yà Tánkẹ́

Kí ẹnikẹ́ni má wọ oko yẹn o. Ẹni tó bá wọ̀ ọ́ báyìí, ọ̀dọ̀ ọlọ́pàá ni yóò kọ́kọ́ dé kó tó rí ojú adájọ́. Ẹjọ́ ilẹ̀ tó ṣeé jàre á wá di ẹjọ́ olè àti ìjà.

Òfin Íńdíà ni Article 61. Limitation Act 1963 tiwọn bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ ní ọjọ́ kìíní oṣù Ṣẹ́rẹ́ 1964. Wọ́n to àwọn ẹjọ́ sẹ́yìn òfin náà ní nọ́ńbà nọ́ńbà: irú ẹjọ́, iye ọdún tí a fi lè pè é, àti ọjọ́ tí kíkà ọdún ọ̀hún ti ń bẹ̀rẹ̀. Nọ́ńbà kọ̀ọ̀kan ni wọ́n ń pè ní Article. Bí ẹ bá ti rí Article 61, tàbí ẹ rí Transfer of Property Act 1882 (òfin wọn lórí bí dúkìá ṣe ń kọjá lọ́wọ́ sí ọwọ́), lórí ojú-ewé kan, ẹ mọ̀ pé Íńdíà lẹ wà. Kò sí kóòtù kan ní Kwara tí yóò fi í ṣe ìdájọ́.

Ìbéèrè yín kejì ni mo fẹ́ràn jù, torí pé bí a tilẹ̀ gbé oko yẹn lọ sí Íńdíà, bí àwọn ọmọ olówó ṣe kà á kò tọ̀nà. Ìdajì ojú-ewé ni wọ́n kà.

Article 61(a) ní onílẹ̀ ní ọdún 30 láti pe ẹjọ́ kó lè gba ilẹ̀ rẹ̀ padà. Lábẹ́ òfin àtijọ́ ti 1908, Article 148, ọdún 60 ni. Ṣùgbọ́n ìlà kẹta lára Article náà, èyí tí àwọn ènìyàn kì í kà, sọ ìgbà tí ọdún náà ti ń bẹ̀rẹ̀: ìgbà tí ẹ̀tọ́ onílẹ̀ láti gba ilẹ̀ padà bá tó wáyé. Kì í ṣe ọjọ́ tí wọ́n kọ ìwé. Ká ní ẹnì kan fi ilé dúró fún owó ní ọjọ́ kìíní oṣù Òkúdù 1990, tí wọ́n ní ọdún márùn-ún ni wọn yóò fi san án. 1995 ni ẹ̀tọ́ rẹ̀ láti gba ilé padà tó wáyé, 1995 náà ni kíkà ti bẹ̀rẹ̀, 2025 ló parí. Ẹni tó bá kà á láti 1990 ti jẹ ọdún márùn-ún mọ́ onílé lọ́wọ́.

Irú ìdógò tún yàtọ̀ síra. Section 58 nínú Transfer of Property Act ka oríṣi mẹ́fà. Nínú èyí tó rọrùn jù, onílẹ̀ ò kúrò lórí ilẹ̀ rẹ̀, ó kàn fi í dúró ni. Nínú òmíràn, ìwé ilẹ̀ nìkan ló gbé fún olówó. Èyí tó jọ tiyín ni wọ́n ń pè ní usufructuary mortgage: olówó wọ ilẹ̀, ó ń jẹ èso tàbí ó ń gba owó iléegbé rẹ̀, dípò èlé, tàbí dípò owó náà fúnra rẹ̀, tàbí dípò méjèèjì. "Kó máa jẹ èso rẹ̀ títí n ó fi dá owó rẹ̀ padà": òun náà gan-an ni.

Orí irú èyí ni àwọn àgbẹ̀ Punjab àti Haryana ní Íńdíà ti bá àwọn olówó wọn fa ọ̀rọ̀ títí ó fi dé Supreme Court, kóòtù tó ga jù níbẹ̀. Àwọn olówó ló lọ sí kóòtù pé kí wọ́n kéde àwọn ní onílẹ̀, nítorí pé ọdún ti kọjá láti ọjọ́ tí wọ́n kọ ìwé. Ní oṣù Ògún 2014, nínú ẹjọ́ Singh Ram àti Sheo Ram, adájọ́ mẹ́ta jókòó, wọ́n sì ní rárá. Fún ìdógò tí olówó ń jẹ èso rẹ̀, Section 62 nínú Transfer of Property Act ló ń sọ ìgbà tí ẹ̀tọ́ onílẹ̀ wáyé. Bí àdéhùn bá ni pé èso ni yóò san gbèsè, ìgbà tí èso bá san án tán ni. Bí àdéhùn bá sì ni pé onílẹ̀ yóò mú owó wá, tàbí yóò mú èyí tó kù wá, ìgbà tó bá san án fún olówó, tàbí tó na owó náà sí i, tàbí tó fi í sí kóòtù ni. Kí ìyẹn tó ṣẹlẹ̀, ọdún 30 kò tíì bẹ̀rẹ̀ rárá, olówó ò sì lè torí pé ó ti pẹ́ lórí ilẹ̀ sọ ara rẹ̀ di onílẹ̀.

Nítorí náà, ká ní Íńdíà ni Ọ̀fà wà, ọjọ́ tí àwọn ọmọ onílẹ̀ na owó sí wọn ni kíkà ṣẹ̀ṣẹ̀ bẹ̀rẹ̀.

Ọlọ́jà Ìpàtà

Ẹ ṣeun, lọ́yà. Ẹnì kan sọ fún mi pé ọdún 12 ni ti Íńdíà, pé ẹni tó bá ti jókòó lórí ilẹ̀ ọdún 12 láìsí ẹni tó yọ ọ́ lẹ́nu, ó ti jẹ ẹ́ gbé. Èwo ni ká gbà?

Ìyá Ìgbómìnà

Ọlọ́jà, ọdún 12 wà lóòótọ́, àmọ́ ìlẹ̀kùn mìíràn ló wà fún. Ọdún 12 tí ẹ gbọ́ yẹn, ti ẹni tó wọ ilẹ̀ onílẹ̀ láìgba àṣẹ ni, tó sì ń ṣe bí onílẹ̀ ní gbangba. Olówó kì í ṣe irú ẹni bẹ́ẹ̀, onílẹ̀ ló mú un wọ oko fúnra rẹ̀. Ẹni tí a fà lọ́wọ́ wọlé kò lè yí padà kó ní òun fi agbára gba ilé. Tó bá jókòó ọdún 50, ìjókòó olówó náà ló jókòó.

Àwọn ọdún 12 mìíràn tún wà, ó sì yẹ ká mọ̀ wọ́n. Article 62: bí olówó bá fẹ́ pe ẹjọ́ kó lè gba owó rẹ̀ lára ilẹ̀, ọdún 12 ló ní láti ọjọ́ tí owó ti tó san. Ẹ kíyè sí i, ti olówó kúrú, ti onílẹ̀ gùn. Article 61(b) ni ọ̀fìn tó jìn jù. Bí olówó bá ta ilẹ̀ ìdógò fún ẹlòmíràn, tí onítọ̀hún sanwó gidi, ọdún 12 ni onílẹ̀ ní láti gbà á padà, láti ọjọ́ tí onílẹ̀ *mọ̀* pé wọ́n ti tà á. Ọ̀pọ̀ ló ti gbójú lé ọdún 30 tí wọ́n sì sùn lọ, nígbà tó jẹ́ pé ọjọ́ tí wọ́n gbọ́ nípa títà ni aago mìíràn ti bẹ̀rẹ̀ sí í lù.

Mo fẹ́ fi díẹ̀ kún ti lọ́yà, torí pé ọ̀rọ̀ Singh Ram lè mú ènìyàn sùn àsùnpara. Bí ìwé bá sọ pé èso ni yóò san gbèsè tán, tí èso sì ti san án tán, ọjọ́ náà ni ọdún 30 bẹ̀rẹ̀. Kò dúró de ìgbà tí onílẹ̀ bá jí. Bí ọdún 30 yìí bá sì parí, Section 27 nínú Limitation Act kò fi mọ sí pé kóòtù kò ní gbọ́ ẹjọ́, ẹ̀tọ́ onílẹ̀ fúnra rẹ̀ ti parẹ́ nìyẹn. Gbèsè lásán kì í rí bẹ́ẹ̀: bí àkókò bá tilẹ̀ ti kọjá, gbèsè ṣì ń jẹ́ gbèsè, kóòtù ni kò ní bá ọ gbà á. Ti ilẹ̀ le jù ú lọ.

Ohun tó ń sọ kíkà dọ̀tun ni ìwé. Section 18: bí olówó bá kọ ọ́ sínú ìwé, tó sì fọwọ́ sí i, pé ìdógò ni ilẹ̀ náà wà lọ́wọ́ òun, tó sì kọ ọ́ *kí àkókò tó parí*, ọdún mìíràn bẹ̀rẹ̀ láti ọjọ́ tó fọwọ́ sí i. Ọ̀rọ̀ ẹnu kò ka nǹkan kan níbí. Lẹ́tà tó kọ lẹ́yìn tí àkókò ti parí náà kò jí òkú dìde.

Fún ìwé tó ti wà kí 1964 tó dé, nígbà tí ọdún 60 wálẹ̀ di 30, Section 30 fún àwọn tí tiwọn kúrú lójijì ní ọdún méje láti 1964, tàbí ìyókù ọdún wọn àtijọ́, èyí tó bá kọ́kọ́ parí nínú méjèèjì. Ìdí nìyí tí ẹjọ́ Íńdíà fi kún fún ìwé bàbá-bàbá ẹni: ọjọ́ tí wọ́n kọ ìwé àti òfin tó wà lórí oyè nígbà náà ni wọ́n kọ́kọ́ máa ń yẹ̀ wò.

Ti báńkì tún wà níbẹ̀, mi ò ní pẹ́ lórí rẹ̀. Bí báńkì Íńdíà bá ń lo òfin 2002 tí wọ́n ń pè ní SARFAESI, ó máa fún onígbèsè ní ìwé ìkìlọ̀ ọjọ́ 60. Tí kò bá sanwó, báńkì lè gba ilé náà, kó sì gbé e sí gbàǹjo. Láti ìgbà tí wọ́n ti tún Section 13(8) ṣe ní 2016, ọjọ́ tí wọ́n bá ti gbé ìkéde gbàǹjo jáde ni ìlẹ̀kùn ti tì. Supreme Court tún là á mọ́lẹ̀ ní 2023 nínú ẹjọ́ Celir àti Bafna Motors. Ẹni tó bá ń ka ọdún 30 níbẹ̀, ọjọ́ díẹ̀ ló kù fún un tí kò mọ̀. Òfin yẹn kò kan ilẹ̀ oko ṣá.

Ààfáà Agbájí

Mo kí gbogbo yín. Ẹ jẹ́ kí n mú apá ti ìlú Ìlọrin wá, nítorí bí ọ̀rọ̀ yìí bá dé Area Court (kóòtù ìbílẹ̀ wa) tí wọ́n sì fi òfin Málíkì (ọ̀kan nínú àwọn ọ̀nà òfin Ìsìláàmù) gbọ́ ọ, "hauzi" ni àwọn ọmọ olówó yóò kọ́kọ́ pè.

Hauzi ni pé: bí ẹnì kan bá wà lórí ilẹ̀ ọdún mẹ́wàá, tó ń lò ó bí onílẹ̀, tí ẹni tó ni ín wà nítòsí, tó ń rí i, tí kò sí ohun tó dí i lọ́wọ́ láti sọ̀rọ̀, tó sì dákẹ́, kóòtù lè kọ etí dídi sí i. Ti ìbátan gùn ju bẹ́ẹ̀ lọ. Ṣùgbọ́n ó ní àwọn tí kò kàn. Ẹni tí a yá ilẹ̀, ẹni tó háyà á, ẹni tí a fi ṣọ́ ọ, ẹni tí a fi í dógò fún: bí a bá ti mọ̀ pé ọ̀nà báyìí ló gbà wọlé, kò sí hauzi fún un. Ìdí nìyí tí gbogbo ẹjọ́ yóò fi rọ̀ mọ́ ìbéèrè kan ṣoṣo: *báwo ni bàbá wọn ṣe dé orí oko náà?* Bí ìwé pélébé yẹn bá dáhùn ìyẹn, ọdún mẹ́wàá kò wúlò fún wọn, ọdún ọgọ́ta náà kò wúlò.

Fún àwa Mùsùlùmí, ọ̀rọ̀ kan tún wà tó ń dùn mí, nítorí ó wọ́pọ̀ lágbègbè wa. Owó tí a yáni, tí a wá ń jẹ èso ògò rẹ̀ lé e lórí, èlé ni. Àwọn onímọ̀ ti sọ ọ́ pé gbogbo ẹ̀yáwó tó bá fa àǹfààní wá fún ẹni tó yáni, ribà ni. Bí àwọn méjèèjì bá gbà láti lọ sọ́dọ̀ àwọn ààfáà kí wọ́n tó dé kóòtù, ẹ jẹ́ kí wọ́n ṣírò èso ọdún wọ̀nyí mọ́ owó náà. Olówó tó bá bẹ̀rù Ọlọ́run á rí i pé òun kò ní nǹkan kan gbà mọ́.

Lọ́yà Tánkẹ́

Jazakallahu khairan, Ààfáà. Mo padà sí ti ilé.

Nínú àṣà Yorùbá, ìdógò kì í kú. Bàbá lè fi í dógò, kí ọmọ-ọmọ wá gbà á. Supreme Court tiwa náà ti gbà á bẹ́ẹ̀, ẹ wo ẹjọ́ Okoiko àti Esedalue ní 1974: ilẹ̀ tí a fi dógò lábẹ́ àṣà ìbílẹ̀ ṣeé gbà padà nígbàkígbà, bó ti wù kó pẹ́ tó. Bí ìwé bá tilẹ̀ sọ pé "bí n kò bá san án láàárín ọdún márùn-ún, ó di tirẹ̀", a kì í fi irú gbólóhùn bẹ́ẹ̀ sọ ìdógò di títà. Íńdíà náà kì í gbà á. Lójú tiwọn, okùn tí olówó so mọ́ ọrùn onílẹ̀ ni.

Kí ló wá ń pa àwọn onílẹ̀ ní kóòtù? Ẹ̀rí ni. Ẹni tó bá ní ìdógò ni, òun ni yóò fi hàn. Kóòtù fẹ́ mọ ẹni tó fi í dógò, ẹni tó gbà á, iye owó, àwọn tó wà níbẹ̀, àti oko wo gan-an. Bí ọ̀kan bá gbọ̀n, ẹjọ́ gbọ̀n. Mo ti rí ìwé ẹ̀sùn tó ní 1989 nígbà tí ẹlẹ́rìí ń sọ 1986. Ìyẹn nìkan tó fún agbẹjọ́rò kejì láti fi gbogbo ọjọ́ bi í léèrè. Ẹ pe ẹbí jọ kí ẹ tó kọ nǹkan kan, kí ohùn yín ṣọ̀kan.

Ẹ tún ka ọ̀rọ̀ inú ìwé náà bí ẹni ń ṣa ìrẹsì. "Fi sílẹ̀ fún un kó máa jẹ èso" jẹ́ ọ̀rọ̀ ìdógò. "Títí n ó fi dá owó rẹ̀ padà" ló dì í pinpin, torí pé ẹni tó ta nǹkan kì í dá owó padà. Ká ní "mo ta" ló wà níbẹ̀, tí wọ́n wá lọ kọ àdéhùn gbígbà padà sínú ìwé mìíràn, ọ̀rọ̀ á le. Ní Íńdíà, láti 1929, Section 58(c) ti sọ pé bí àdéhùn pé ẹni tó tà á yóò rí i gbà padà kò bá sí nínú ìwé kan náà tí títà wà, títà ni wọn yóò kà á sí, kì í ṣe ìdógò. Nílé, kóòtù á wo ohun tí wọ́n ní lọ́kàn, àmọ́ iṣẹ́ ẹ̀rí á pọ̀ lórí yín.

Wọ́n lè ní ìwé náà kò ní ọwọ́ ìjọba nínú. Kò ní lóòótọ́: Land Use Act 1978, Section 21, ní kí ìjọba ìbílẹ̀ fọwọ́ sí i kí ẹni tó ní ẹ̀tọ́ ìbílẹ̀ lórí ilẹ̀ tó gbé e fún ẹlòmíràn. Ṣùgbọ́n ta ni ìyẹn pa lára? Olówó ló ń fi ìwé náà wá ilẹ̀. Ẹ̀yin ń fi í hàn pé owó kan kọjá lọ́wọ́ sí ọwọ́ ni. Ìwé tí a kò forúkọ rẹ̀ sílẹ̀ ṣì lè ṣe ẹ̀rí owó.

Nípa iye owó: iye tí a gbà ni gbèsè, ₦4,000. Ẹ má jẹ́ kí wọ́n fi "owó òde òní" dẹ́rù bà yín. Bí àgbà bá wá ní kí ẹ fi nǹkan kún un kí ìlú lè tòrò, ẹ lè ṣe é, ṣùgbọ́n ẹ kọ ọ́ sínú ìwé pé owó àlàáfíà ni. Bí ẹ bá kọ ọ́ mọ́ gbèsè, wọ́n á sọ pé ẹ̀yin fúnra yín gbà pé ₦4,000 kọ́ ni.

Ìyá Ìgbómìnà

Ẹ jẹ́ kí n sọ bí wọ́n ṣe ń na owó, torí pé ọ̀pọ̀ ló ń ṣe é bí ẹni lọ kí àna.

Ẹ má lọ lẹ́yọ kan. Ẹ mú baálẹ̀ tàbí aṣojú rẹ̀, ẹ mú ẹnì kan láti ìdílé ẹlẹ́rìí ìwé 1989 bí ẹlẹ́rìí náà kò bá sí láyé mọ́, kí ẹ sì mú ẹnì kan tí kò bá ẹ̀yin méjèèjì tan. Ẹ ka owó náà lójú wọn, ₦4,000 pé. Ẹ sọ ọ́ pẹ̀lú ẹnu yín: "Owó ìdógò oko kajú ojú ọ̀nà odò rèé, a wá gba oko wa." Bí wọ́n bá kọ̀, ẹ má bá wọn jà. Ní ọjọ́ náà gan-an, ẹ kọ ọ́ sílẹ̀: ọjọ́, wákàtí, àwọn tó wà níbẹ̀, ohun tí wọ́n fi dá yín lóhùn. Kí gbogbo yín fọwọ́ sí i. Lẹ́yìn náà kí agbẹjọ́rò kọ lẹ́tà sí wọn, kí ẹni tó bá gba lẹ́tà fọwọ́ sí ẹ̀dà tiyín.

Íńdíà ní ọ̀nà tó dùn mọ́ mi nínú fún èyí. Section 83 nínú Transfer of Property Act: onílẹ̀ lè gbé owó lọ sí kóòtù, kóòtù á ránṣẹ́ sí olówó pé kó wá mú owó rẹ̀, kó sì mú ìwé ilẹ̀ wá. Láti ìgbà tí onílẹ̀ bá ti na owó náà bó ṣe yẹ, Section 84 ní èlé dúró. Bí ó bá di ẹjọ́ pátápátá, Order 34 nínú Code of Civil Procedure (òfin bí wọ́n ṣe ń gbọ́ ẹjọ́ níbẹ̀) ní kí kóòtù kọ́kọ́ ṣe ìdájọ́ àkọ́kọ́: wọ́n á ṣírò gbogbo rẹ̀, wọ́n á dá ọjọ́ fún onílẹ̀ láti san án, kò gbọdọ̀ ju oṣù mẹ́fà lọ, àmọ́ kóòtù lè sún un síwájú bí ìdí gidi bá wà. Tó bá san án, ìdájọ́ ìkẹyìn á tẹ̀ lé e, wọ́n á dá ilẹ̀ padà. Nílé, ẹ ní kí agbẹjọ́rò yín béèrè lọ́wọ́ kóòtù kó gba owó náà pa mọ́, kí ẹnikẹ́ni má bàa wí lọ́la pé ẹ kò ní in.

Oko tó wà ní abẹ́ ẹ̀tọ́ ìbílẹ̀, Area Court lè gbọ́ ọ. Kí olórí ẹbí tàbí ẹni tí ẹbí yàn pe ẹjọ́ náà ní orúkọ ẹbí. Ọmọ kan tó bá dá lọ, wọ́n á ní ta ló rán an.

Awọnlẹ̀ Òmù-Àrán

Gbogbo ohun tí ẹ ń sọ yìí, bí oko kò bá ní ààlà, asán ni. "Ojú ọ̀nà odò" kì í ṣe ààlà. Ó ṣeé ṣe kí oko mẹ́rin wà lójú ọ̀nà odò kan náà.

Ẹ rìn ín yí ká pẹ̀lú àwọn tí oko wọn bá a pààlà kí ẹjọ́ tó bẹ̀rẹ̀. Ẹ wá pèrègún, ẹ wá kòtò àtijọ́, ẹ wá igi igbá tàbí igi ńlá tí gbogbo ènìyàn mọ̀. Fóònù lè fún yín ní àmì ibi tí ẹ dúró sí, ṣùgbọ́n ó lè fi mítà márùn-ún tàbí jù bẹ́ẹ̀ lọ ṣìnà, èyí tó tó láti gba ìlà kajú kan mọ́ yín lọ́wọ́. Fún kóòtù, awọnlẹ̀ tó ní ìwé àṣẹ ni kó ya àwòrán náà, kí orúkọ ẹni tó wà ní ìhà mẹ́rẹ̀ẹ̀rin sì hàn lórí rẹ̀.

Ẹ ka igi. Ẹ kọ iye àwọn tó ti gbó, tó ti wà kí 1989 tó dé, àti iye àwọn tí olówó gbìn lẹ́yìn náà. Bí wọ́n bá gbìn ín ní mítà 10 sí 10, igi 100 ló wà nínú hẹ́kítà kan. Bó bá pọ̀ ju bẹ́ẹ̀ lọ, a jẹ́ pé wọ́n ti gbin òmíràn há a lẹ́yìn náà. Ìdí tó fi ṣe pàtàkì ni pé olówó kò gbọdọ̀ gbin igi tó ń pẹ́ sórí ilẹ̀ ìdógò kó wá fi dí onílẹ̀ lọ́nà, àmọ́ wọ́n á máa sọ pé "igi wa ńkọ́?" Ẹ mọ iye rẹ̀ kí wọ́n tó béèrè.

Àkókò tún wà. Kajú wa ń yọ òdòdó nínú ọ̀gbẹlẹ̀, èso rẹ̀ sì ń bọ́ láti bí oṣù Èrèlé títí di Èbìbí. Bí ẹ bá na owó lóṣù Ẹrẹ́nà, ẹ ti da ìjà sílẹ̀ lórí èso tó wà nílẹ̀. Bí kò bá sí ohun tó ń lé yín, ẹ na án lẹ́yìn ìkórè. Ẹ jẹ́ kí wọ́n kó àgbàdo àti ẹ̀gẹ́ tí wọ́n bá gbìn sáàárín igi.

Ọmọ Ìbọ̀lọ́

Ọlọ́run á san yín lẹ́san o. Ohun méjì ló kù. Wọ́n ti ta ìdá kan lẹ́bàá ọ̀nà, ẹni tó rà á ti ṣe fandéṣọ̀n, òkúta ti jókòó síbẹ̀. Èkejì, ìwé 1989 ti ń fàya níbi tí wọ́n ti ká a. Ọ̀kan nínú àwọn ọmọ fẹ́ lọ laminate rẹ̀ ní Ọ̀fà lọ́la.

Lọ́yà Tánkẹ́

Ẹni tó rà á ra ohun tí olówó kò ní. Olówó ní ẹ̀tọ́ láti jẹ èso, kò ní ilẹ̀ láti tà. Ṣùgbọ́n ibí yìí ni àkókò ti ń jẹni níyà nílé wa náà: bí ẹ bá ń kọjá níbẹ̀ tí ẹ ń wò ó títí ilé fi gòkè, kóòtù lè bi yín léèrè ìdí tí ẹ fi dákẹ́. Kí lẹ́tà lọ bá a láàárín ọ̀sẹ̀ yìí, tí ẹ̀dà ìwé ìdógò bá a lọ, kí ẹ sì fi orúkọ rẹ̀ kún àwọn tí ẹ pè lẹ́jọ́. Ẹ ya fọ́tò fandéṣọ̀n náà lónìí, kí ọjọ́ hàn lórí rẹ̀. Ẹ má fọwọ́ kan búlọ́ọ̀kù kan níbẹ̀.

Ní ti ìwé, ẹ sáré dá ọmọ yẹn dúró! Kó má laminate rẹ̀ o. Bí rọ́bà gbígbóná bá ti bò ó, kò sí ẹni tó lè yẹ ìtẹ̀ka yẹn wò dáadáa mọ́. Ẹ tẹ́ ẹ sílẹ̀ láìká, ẹ ya fọ́tò iwájú àti ẹ̀yìn rẹ̀ nínú ìmọ́lẹ̀ òwúrọ̀, kí ìlà ìka hàn dáadáa. Ẹ ṣe fọ́tókọ́pì mẹ́ta. Lẹ́yìn náà ẹ fi ojúlówó sáàárín páálí méjì, nínú ọ̀rá tó mọ́, kí ẹ sì gbé e fún ẹni tí kì í gbé inú ilé tí òjò ń wọ̀.